Bí A Ṣe Ń Fojú Díwọ̀n Ìdáhùn Kí A Tó Pín: Ìtọ́sọ́nà fún Àwọn Tó Ń Kọ́ Ọmọ Alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ní Ìṣirò Ọlọ́rọ̀

Mo kọ ìṣirò kan sójú pátákó fún àwọn ọmọ kíláàsì karùn-ún. Ìyá kan tó ń sin adìyẹ kó ẹyin 1,372 jọ, ó sì fẹ́ tò wọ́n sínú kíréètì tó ń gba ẹyin 30. Kíréètì mélòó ni yóò kún? Ọmọkùnrin kan tí ọwọ́ rẹ̀ yá ju ti gbogbo ẹgbẹ́ rẹ̀ lọ ni ó kọ́kọ́ gbé ìwé wá, ó sì ti fa ìlà méjì sábẹ́ ìdáhùn rẹ̀: 457. Odo tó wà lẹ́yìn 30 ni kò kà sí, 3 ni ó fi pín in, ó sì pín in dáadáa. Mo bi í pé ẹyin mélòó ni yóò wà nínú kíréètì 10. Ó ní 300. Nínú 100 ńkọ́? Ó ní 3,000. Ó wo ìwé rẹ̀, ó wo ojú mi, ó ní, "Àǹtí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má tíì máàkì í," ó sì ti padà sórí àga rẹ̀ kí n tó sọ ohunkóhun.

Ọmọ yẹn mọ pínpín. Ohun tí kò ṣe ni pé kò bi ara rẹ̀ léèrè, kí ó tó fi pẹ́ńsùlù lé ìwé, ibi tó yẹ kí ìdáhùn náà wà. Èyí ni fífojú díwọ̀n: kí a wá nọ́ńbà kan tó sún mọ́ ìdáhùn, tí a lè rí lórí láìkọ nǹkan púpọ̀ sílẹ̀, kí a sì fi í ṣọ́ ìdáhùn gidi nígbà tó bá dé. Àwọn tí mo ń kọ ìtọ́sọ́nà yìí fún ni òbí tó ń jókòó ti ọmọ rẹ̀ nídìí iṣẹ́ àṣetiléwá, àti olùkọ́ kíláàsì kẹrin títí dé ìkẹfà. Ohun tí ọmọ ní láti mọ̀ tẹ́lẹ̀ kò ju táìmù tébù láti 2 dé 9 lọ. Bí ìyẹn kò bá tíì dá a lójú, ẹ fi ọ̀sẹ̀ méjì tàbí mẹ́ta tún un ṣe ná, nítorí gbogbo ohun tó kù orí rẹ̀ ni a ó kọ́ ọ lé.

Ìgbésẹ̀ kìíní: ẹ jẹ́ kí ọmọ sọ ohun tí wọ́n ń wá

Àwọn ọmọ kan wà tó jẹ́ pé bí wọ́n bá ti rí nọ́ńbà méjì nínú ìtàn, èyí tó tóbi ni wọn yóò fi èyí tó kéré pín, wọn kò sì ní ka ìyókù. Ẹ ní kí ọmọ ti ìwé náà sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, kí ó tún ìtàn náà sọ láìdárúkọ nọ́ńbà kankan: ìyá kan ní ẹyin, ó ń tò wọ́n sínú kíréètì, wọ́n fẹ́ mọ iye kíréètì tó kún. Lẹ́yìn náà ni kí ó kọ ọ̀rọ̀ náà, "kíréètì", sí ibi tí ìdáhùn yóò wà, kí ó sì fi àyè nọ́ńbà sílẹ̀ níwájú rẹ̀.

Èdè wa wúlò gan-an níbí. Bí a bá ní kí ọmọ pín ọsàn 24 sí ọ̀nà mẹ́fà, iye ọsàn tó wà ní ọ̀nà kọ̀ọ̀kan ni a ń wá. Bí a bá ní kí ó tò wọ́n ní mẹ́fà mẹ́fà, iye òkìtì ni a ń wá. Ìdáhùn méjèèjì jẹ́ 4, ṣùgbọ́n ọsàn 4 yàtọ̀ sí òkìtì 4, ọmọ tó bá sì gbọ́ ìyàtọ̀ "sí mẹ́fà" àti "ní mẹ́fà mẹ́fà" kò ní kọ èyí tí kò yẹ. Bí ìwé ìṣirò ọmọ bá jẹ́ ti Gẹ̀ẹ́sì, ẹ jẹ́ kí ó kọ́kọ́ sọ ìtàn náà ní Yorùbá. Ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ tijú èyí; láti 1970 ni Ọ̀jọ̀gbọ́n Babs Fafunwa àti àwọn tí wọ́n jọ ṣiṣẹ́ ní Yunifásítì Ifẹ̀ ti bẹ̀rẹ̀ ètò tí wọ́n fi Yorùbá kọ́ àwọn ọmọ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ fún odidi ọdún mẹ́fà, ìṣirò sì wà lára ohun tí wọ́n kọ́ wọn.

Ìgbésẹ̀ kejì: ẹ wá iye ẹyọ nọ́ńbà tí ìdáhùn yóò ní

Ẹ mú nọ́ńbà tí a fi ń pín, kí ẹ sọ ọ́ di ìlọ́po 10, ìlọ́po 100 àti ìlọ́po 1,000. Ti 30 yóò jẹ́ 300, 3,000 àti 30,000. Nọ́ńbà tí a ń pín, 1,372, wà láàárín 300 àti 3,000, nítorí náà ìdáhùn wà láàárín 10 àti 100, kò sì lè ju ẹyọ nọ́ńbà méjì lọ. Ìdánwò kékeré yìí nìkan ti tó láti mú 457 lójú ẹsẹ̀.

Ibi tí ó ti wúlò jù lọ ni ibi tí odo bá sá pamọ́ sáàárín ìdáhùn. Bí a bá ní kí ọmọ pín ìwé àkọsílẹ̀ 2,436 fún iléèwé 6, ọ̀pọ̀ yóò kọ 46. Wọ́n ti pín 24, wọ́n rí 4. Wọ́n rí i pé 3 kò tó 6, wọ́n mú ẹyọ tó tẹ̀lé e mọ́ ọn, wọ́n pín 36, wọ́n rí 6, wọn kò sì fi odo sí àyè tó ṣófo. Ṣùgbọ́n 6 lọ́nà 100 jẹ́ 600, 6 lọ́nà 1,000 sì jẹ́ 6,000. Ẹyọ mẹ́ta ni ìdáhùn ní láti ní. Bí ọmọ bá ti fa ìlà kéékèèké mẹ́ta sílẹ̀ kí ó tó bẹ̀rẹ̀, ìlà àárín yóò máa bi í léèrè ohun tó yẹ kó wà níbẹ̀, yóò sì kọ 406.

Ìgbésẹ̀ kẹta: ẹ wá nọ́ńbà tó bá èyí tí a fi ń pín mu

Ohun tí wọ́n kọ́ ọ̀pọ̀ lára wa ni pé bí a bá fẹ́ fojú díwọ̀n, kí a gbé nọ́ńbà lọ sí mẹ́wàá, ọgọ́rùn-ún tàbí ẹgbẹ̀rún tó sún mọ́ ọn jù. Ìyẹn dára fún àròpọ̀ àti àyọkúrò. Nínú pínpín, kò tó. Ẹ wo 5,280 tí a fẹ́ fi 9 pín. Ẹgbẹ̀rún tó sún mọ́ ọn ni 5,000, ọgọ́rùn-ún tó sún mọ́ ọn sì ni 5,300, bẹ́ẹ̀ 9 kò pín ọ̀kankan nínú wọn láìṣẹ́kù. Ọmọ tó gbé e dé ibẹ̀ ṣì ní pínpín líle lọ́wọ́. Ohun tó yẹ ni kí ó bi táìmù tébù 9 léèrè: nínú àwọn ọmọ 9, ìyẹn àwọn ìdáhùn inú tébù náà, èwo ni ó sún mọ́ 52? 45 wà, 54 wà, 54 ni ó sún mọ́ ọn. Kí ó mú 5,400, kí ó pín in, yóò rí 600. Kò sí òfin gbígbé sókè gbígbé sísàlẹ̀ tó lè fún un ní 5,400, síbẹ̀ òun ni ó dára jù, nítorí ìdáhùn gidi jẹ́ 586 ó sì ku 6.

Bákan náà ni ti owó. Ẹbí kan tí wọ́n bí ọmọ mẹ́jọ fẹ́ tún kànga ilé wọn ṣe, ₦31,600 ni owó iṣẹ́ náà, wọ́n sì fẹ́ dá a ní dọ́gbadọ́gba. Táìmù tébù 8 ní 24, ó ní 32. 32 ni ó fẹ́rẹ̀ẹ́ fi ara kan 31. ₦32,000 pín sí ọ̀nà 8 jẹ́ ₦4,000. Ẹni tó bá ní kí òun kọ́kọ́ gbé e lọ sí ₦30,000 ti wọ inú igbó.

Bí nọ́ńbà tí a fi ń pín bá jẹ́ ẹyọ méjì, òun náà ni a ó kọ́kọ́ sọ di odidi mẹ́wàá, ọmọ tó bá sì lè ka iye ní Yorùbá ti gba ìrànlọ́wọ́ láti ilé. Ẹ gbọ́ orúkọ 43: mẹ́tàlélógójì. Orúkọ náà ti sọ pé ogójì ni ó sún mọ́, ó fi mẹ́ta lé e. Ẹ gbọ́ orúkọ 47: mẹ́tàdínláàádọ́ta. Àádọ́ta ni, ó dín mẹ́ta. 44 ni ó kẹ́yìn nínú àwọn tó ń "lé". Láti 45 ni "dín" ti bẹ̀rẹ̀. Òfin tí àwọn ìwé ń fi gbólóhùn gígùn kọ́ ọmọ, pé láti 5 lọ kí ó gòkè, láti 4 wálẹ̀ kí ó sọ̀kalẹ̀, inú orúkọ nọ́ńbà Yorùbá ni ó wà láti ìbẹ̀rẹ̀. Ó ń dùn mí pé ọ̀pọ̀ ọmọ kò lè kà kọjá ogún mọ́. Ẹ fi ìṣirò yìí ṣe àwáwí láti kọ́ wọn.

"Dín" yìí kan náà lè gbé wa dé ìdáhùn gidi. Ẹ jẹ́ kí á fi 7 pín 4,158. Ọmọ 7 tó sún mọ́ 41 ni 42, nítorí náà 4,200 pín sí ọ̀nà 7 jẹ́ 600. Ṣùgbọ́n 4,158 jẹ́ 4,200 ó dín 42, 42 yẹn náà sì jẹ́ 7 lọ́nà 6. Ìdáhùn ni ẹgbẹ̀ta ó dín mẹ́fà, 594, láìfa ìlà pínpín kankan.

Ìgbésẹ̀ kẹrin: ẹ mọ ẹ̀gbẹ́ tí ìdáhùn gidi wà

Àwọn ìwé máa ń yára kọjá ibí yìí, èmi ò sì mọ ìdí rẹ̀, nítorí níbí ni ìfojúdíwọ̀n ti ń di ohun èlò gidi lọ́wọ́ ọmọ. Ẹ bi í pé: wọ́n se ìkòkò àsáró kan, àwọn tó fẹ́ jẹ ẹ́ wá pọ̀ sí i, kí ni yóò ṣẹlẹ̀ sí ti ẹnì kọ̀ọ̀kan? Yóò kéré. Bí àwọn tó fẹ́ jẹun kò bá pọ̀ sí i, ṣùgbọ́n tí ìkòkò tóbi sí i ńkọ́? Ti ẹnì kọ̀ọ̀kan yóò pọ̀. Kò sí ọmọ tí kò mọ èyí. Nítorí náà, bí a bá gbé nọ́ńbà tí a ń pín sókè, ìfojúdíwọ̀n wa yóò ju ìdáhùn gidi lọ; bí ó bá jẹ́ nọ́ńbà tí a fi ń pín ni a gbé sókè, yóò kéré sí i.

Nínú ti kànga, ₦31,600 ni a gbé lọ sí ₦32,000, a kò fọwọ́ kan 8. Ìdáhùn gidi ní láti dín ní ₦4,000, ó sì dín lóòótọ́: ₦3,950 ni. Mo máa ń ní kí àwọn ọmọ kọ ọ̀rọ̀ kékeré kan sẹ́gbẹ̀ẹ́ ìfojúdíwọ̀n wọn, "yóò lé" tàbí "yóò dín", kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀ sí í pín.

Ẹ wá wo ibi tí àìkíyèsí èyí ti lè kó wa sí wàhálà. Iléèwé kan ní Ìbàdàn fẹ́ kó akẹ́kọ̀ọ́ 263 lọ wo Òkè Olúmọ ní Abẹ́òkúta, bọ́ọ̀sì kọ̀ọ̀kan sì gba ọmọ 18. Bọ́ọ̀sì mélòó ni kí wọ́n háyà? Ọmọbìnrin kan ní kíláàsì mi ṣe gbogbo ohun tí wọ́n kọ́ ọ: ó sọ 18 di 20, ó sọ 263 di 260, ó sì rí 13. Kò rú òfin kankan. Ṣùgbọ́n bọ́ọ̀sì 13 kò lè gbà ju ọmọ 234 lọ, èyí tó túmọ̀ sí pé ọmọ 29 yóò dúró ní géètì pẹ̀lú kúlà ìrẹsì wọn lọ́wọ́, wọn yóò máa wo ẹ̀yìn ọkọ̀. Ohun tó ṣẹlẹ̀ ni pé ó gbé 18 sókè, èyí tó sọ ìdáhùn di kékeré, ó sì tún gbé 263 wálẹ̀, èyí tó tún sọ ọ́ di kékeré sí i. Àṣìṣe méjèèjì fa ìdáhùn sí apá kan náà.

Àtúnṣe rẹ̀ ni pé ohun tí a bá ṣe fún ọ̀kan ni kí a ṣe fún èkejì. Níwọ̀n ìgbà tí 18 ti gòkè lọ sí 20, kí 263 náà gòkè lọ sí 300, èyí tí 20 mọ̀ dáadáa, ìdáhùn yóò sì jẹ́ 15. Bí a bá pín in gan-an, 14 ni, ó ku ọmọ 11, àwọn 11 náà sì ní láti wọ ọkọ̀. Bọ́ọ̀sì 15 ni wọn yóò háyà.

Ìgbésẹ̀ karùn-ún: ẹ lo ìfojúdíwọ̀n nínú pínpín náà fúnra rẹ̀

Bí ọmọ bá ti ń fi ẹyọ méjì pín, ohun tó máa ń jẹ rọ́bà rẹ̀ tán ni ìméfò: ó kọ 5, ó pa á, ó kọ 4, ó pa á, títí ihò fi dá sí ìwé. Àgbẹ̀ kan kọ ebè iṣu 1,748, ebè 46 ló wà ní ìlà kọ̀ọ̀kan. Ìlà mélòó ni oko náà ní? 46 ni mẹ́rìndínláàádọ́ta, nítorí náà a ó máa fi 50 méfò. Nínú 174, 50 wà ní ọ̀nà 3. 3 lọ́nà 46 jẹ́ 138, ó ku 36. A mú 8 sọ̀kalẹ̀, ó di 368. Nínú 368, 50 wà ní ọ̀nà 7. 7 lọ́nà 46 jẹ́ 322, ó sì ku 46.

Kí ọmọ dúró níbí. Ohun tó ṣẹ́ kù tó odidi ìlà kan, nítorí náà 7 kéré, 8 ni. Ìlà 38 ni oko náà ní, kò sì ṣẹ́ku.

Orúkọ nọ́ńbà náà ti sọ tẹ́lẹ̀ pé irú èyí lè ṣẹlẹ̀. Bí nọ́ńbà tí a fi ń pín bá jẹ́ ti "dín", bí 46, a ti gbé e sókè, nítorí náà bí ìméfò wa bá ṣì, yóò kéré, a ó sì gbé e sókè. Bí ó bá jẹ́ ti "lé", bí 43, a ti gbé e wálẹ̀ sí 40, bí ìméfò bá sì ṣì, yóò pọ̀ jù: nínú 250, 40 wà ní ọ̀nà 6, ṣùgbọ́n 6 lọ́nà 43 jẹ́ 258, ó ti ju 250 lọ, a ó sì sọ̀ ọ́ kalẹ̀ sí 5. Ọmọ tó mọ èyí kò ní máa pa ìwé rẹ̀ rẹ́ lemọ́lemọ́.

Ìgbésẹ̀ kẹfà: ẹ gbé ìdáhùn àti ìfojúdíwọ̀n sẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn

Ìbéèrè mẹ́ta péré ni. Ṣé iye ẹyọ nọ́ńbà rẹ̀ pé? Ṣé ó wà ní ẹ̀gbẹ́ tí a sọ pé yóò wà? Kí ni ìtàn náà fẹ́ kí a ṣe sí èyí tó ṣẹ́ kù? Ti ẹyin àkọ́kọ́ yẹn, 1,372 tí a fi 30 pín jẹ́ 45, ó ku ẹyin 22. Bí wọ́n bá béèrè kíréètì tó kún, 45 ni. Bí wọ́n bá béèrè kíréètì tí yóò gba gbogbo ẹyin náà, 46 ni. Nọ́ńbà kan náà, ìtàn méjì.

Nínú ìdánwò ìwọlé sí iléèwé girama, níbi tí wọ́n ti ń fún ọmọ ní ìdáhùn mélòó kan láti yàn nínú wọn, ìfojúdíwọ̀n lè pa iṣẹ́ run. Ká ní wọ́n ní kí ó fi 42 pín 8,736, tí wọ́n sì fún un ní 28, 208, 280 àti 2,080. 8,400 jẹ́ 42 lọ́nà 200. Ìdáhùn lé díẹ̀ ní 200. Kò sí òmíràn nínú mẹ́rẹ̀ẹ̀rin tó bá èyí mu ju 208 lọ, ọmọ náà sì lè lọ sí ìbéèrè tó kàn.

Ìkìlọ̀ kan: bí ìbéèrè bá ní "nǹkan bíi mélòó", àwọn ọmọ kan yóò pín in tán pátápátá, wọn yóò wá sọ ìdáhùn gidi di odidi, wọn yóò sì pè é ní ìfojúdíwọ̀n. Èmi kì í gba irú rẹ̀ wọlé. Ẹ ní kí wọ́n sọ ọ́ lẹ́nu kí pẹ́ńsùlù tó kan ìwé.

Ìṣirò mẹ́ta fún alẹ́ òní

Aránṣọ kan ní bọ́tìnì 1,150, ó sì ń lo 9 sí ẹ̀wù kọ̀ọ̀kan. Ẹ̀wù mélòó ni yóò parí? Ẹ retí kí ọmọ mú 1,170, kí ó sọ pé 130, yóò dín. Ìdáhùn gidi ni 127, ó ku bọ́tìnì 7, ẹ̀wù tí bọ́tìnì rẹ̀ kò pé kò sì tíì parí.

Iléèwé kan nílò omi ọlọ́ràá 612 fún ọjọ́ eré ìdárayá, 20 ló wà nínú àpò kan. Àpò mélòó ni kí wọ́n rà? 600 ni kí ó mú, kí ó sọ pé 30, yóò lé. Bí ó bá fi 30 sílẹ̀ bẹ́ẹ̀, òùngbẹ yóò gbẹ àwọn méjìlá kan. Àpò 31 ni.

Ènìyàn 29 dá ₦58,000 jọ ní dọ́gbadọ́gba. Èló ni ẹnì kọ̀ọ̀kan mú wá? 29 ni mọ́kàndínlọ́gbọ̀n, kí ó mú 30. 58,000 náà yóò gòkè lọ sí 60,000, ìfojúdíwọ̀n yóò sì jẹ́ ₦2,000. Bí ó bá wá pín in gan-an, yóò tún rí ₦2,000, yóò sì gbójú sókè sí yín bí ẹni pé ó ti ṣe àṣìṣe. Kò ṣe é. Ó fi ẹnì kan kún àwọn ènìyàn náà, ó sì fi ₦2,000 kún owó náà, èyí tó jẹ́ ìpín ẹni náà gẹ́lẹ́.